Ìhà Òdìkejì Ni, Kì Í Ṣe Òdì

Nínú gbogbo ọ̀rọ̀ tí àwọn oníṣègùn ọpọlọ máa ń kọ sínú ìwé aláìsàn, ọ̀kan wà tí ó yẹ kí àwa ọmọ Yorùbá tí a ń gbé ìdálẹ̀ jókòó tì, kí a yẹ̀ ẹ́ wò tinú tòde, kí a sì fi ẹnu kò lórí bí a ó ti máa túmọ̀ rẹ̀ fún àwọn ènìyàn wa. Ọ̀rọ̀ náà ni "contralaterally". Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n ń pè é, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ọmọ Gẹ̀ẹ́sì ni yóò gbé ayé tí yóò sì fi ayé sílẹ̀ láì pè é lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, nítorí pé inú ìwé àwọn tí ń kọ́ nípa ọpọlọ àti iṣan ni ó fi ṣe ilé.

Ohun tí ó fà á tí mo fi ní kí àwa ará ìdálẹ̀ mú ọ̀rọ̀ yìí ní ọ̀kúnkúndùn ni èyí. Bí àìsàn rọpárọsẹ̀ bá kọlu ènìyàn ní Ìbàdàn tàbí ní Òṣogbo, kò ní ṣòro kí ẹbí rí nọ́ọ̀sì tàbí dókítà tí yóò fi Yorùbá ṣe àlàyé fún wọn. Ṣùgbọ́n ní Kánò, ní Jọ́ọ̀sì, ní Màídúgùrí tàbí ní Sókótó, Gẹ̀ẹ́sì tàbí Haúsá ni àlàyé yóò fi wá. A ó wá ẹni tí ó kàwé díẹ̀ nínú àwọn ará ilé, a ó ní kí ó ṣe ògbufọ̀. Ògbufọ̀ ọ̀hún lè jẹ́ ọmọ ilé ìwé gíga, ó lè jẹ́ akọ̀wé, ó lè jẹ́ tíṣà tí ó ti fẹ̀yìn tì. Bí ó bá ti gbọ́ pé apá òsì ọpọlọ ni ẹ̀jẹ̀ dì sí, nígbà tí gbogbo ilé sì ń fi ojú ara wọn rí i pé ọwọ́ ọ̀tún ni bàbá kò lè gbé, ọ̀rọ̀ di rúdurùdu. Àwọn kan yóò ní dókítà náà kò mọ iṣẹ́. Àwọn mìíràn yóò ní ìwé ẹlòmíràn ni wọ́n gbé lé wa lọ́wọ́. Àwọn tí ó kù yóò dákẹ́, wọn yóò máa wo ara wọn lójú, nítorí pé àìsàn tí ó fi òsì ṣe ibùdó tí ó sì ń jà lọ́tùn-ún, létí tiwọn, kì í ṣe ojú lásán.

Láti ibẹ̀, ìgbésẹ̀ kan ṣoṣo ni ó kù: "Ẹ jẹ́ kí á gbé bàbá lọ sílé." Gbogbo wa tí a ti pẹ́ nílẹ̀ yìí ni a mọ ohun tí gbólóhùn náà túmọ̀ sí. Láti Kánò dé Ògbómọ̀ṣọ́ tàbí Ọ̀fà, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó odindi ọjọ́ kan lójú títì, pẹ̀lú aláìsàn tí kò lè jókòó, tí kò sì lè gbé itọ́ mì dáadáa. Bẹ́ẹ̀ ni oògùn tí ń tú ẹ̀jẹ̀ dídì inú ọpọlọ wà, tí ó jẹ́ pé láàrin wákàtí 4 àti ààbọ̀ sí ìgbà tí àìsàn bẹ̀rẹ̀ ni a gbọ́dọ̀ fún ènìyàn, tí ó sì jẹ́ pé bí ó bá ti yá tó ni yóò ti ṣe àǹfààní tó. A kò lè fún ènìyàn lóògùn yìí láì kọ́kọ́ ya àwòrán inú orí rẹ̀, nítorí pé ẹ̀jẹ̀ lè má dì rárá, ó lè jẹ́ pé iṣan ẹ̀jẹ̀ ni ó bẹ́. Bí ó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, oògùn kan náà lè pa á. Mo mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo ilé ìwòsàn wa ni ó ní ẹ̀rọ náà tàbí oògùn náà. Ọ̀rọ̀ tí a gbọ́dọ̀ bá ìjọba sọ nìyẹn, a ó sì sọ ọ́ lọ́jọ́ mìíràn. Ṣùgbọ́n níbi tí wọn kò bá tilẹ̀ ti ní in, ìtọ́jú ọjọ́ díẹ̀ àkọ́kọ́, bíi ṣíṣọ́ ẹ̀jẹ̀ ríru, yíyẹ ọ̀nà ọ̀fun wò kí a tó fún aláìsàn lóúnjẹ, àti yíyí i padà kí ara rẹ̀ má baà dá egbò, a máa gba ẹ̀mí là. Ẹni tí ó wà nínú ọkọ̀ lójú ọ̀nà Mọ́kwà kò lè rí ọ̀kankan gbà nínú wọn.

Ẹ wá jẹ́ kí a tú ọ̀rọ̀ náà wò. Inú èdè Látìnì ni ó ti wá. "Contra" ni ohun tí ó dojú kọ òmíràn, "latus" ni ẹ̀gbẹ́. Bí a bá so méjèèjì pọ̀, a ó rí ẹ̀gbẹ́ tí ó kọjú sí ẹ̀gbẹ́ tí a ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì wá so ìrù kékeré kan mọ́ ọn nídìí, ó di ọ̀rọ̀ àpọ́nlé, èyíinì ni ọ̀rọ̀ tí ń sọ fún wa bí ìṣe kan ti ṣẹlẹ̀ tàbí ibi tí ó gbà. Ó ní ẹnì kejì tí wọ́n jọ máa ń rìn, "ipsilaterally", tí í ṣe ẹ̀gbẹ́ kan náà gan-an. Tọkọtaya ni wọ́n. Ẹni tí kò bá mọ èkejì kò lè mọ ọ̀kan dunjú.

Èdè tiwa kò ní irú ìrù bẹ́ẹ̀, kò sì nílò rẹ̀. Àwọn ọ̀rọ̀ àpọ́nlé àbínibí wa, bíi fíofío tí ó wà fún gíga, fòò tí ó wà fún pupa àti ṣinṣin tí ó wà fún dídúró, olúkúlùkù ni ó mọ ọ̀rọ̀ tí òun ń bá rìn, a kì í sì í jókòó sí ìgbìmọ̀ láti ṣẹ̀dá irú wọn. Ṣùgbọ́n bí ohun tuntun bá dé, a ní ọ̀nà kan tí kì í jáni kulẹ̀: a ó mú "ní", a ó fi ṣíwájú ọ̀rọ̀-orúkọ, iṣẹ́ parí. Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe rí ní ìkọ̀kọ̀, ní gbangba, lójijì, lójúkojú. Ọ̀nà kan náà ni mo ní kí a tọ̀ níhìn-ín. Kí a pe "contralaterally" ní "ní ìhà òdìkejì", kí a sì pe èkejì rẹ̀ ní "ní ìhà kan náà".

Àwọn kan ti ń túmọ̀ rẹ̀ sí "lódì". Mo bẹ̀ yín, ẹ̀yin ará, ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀ mọ́. Ẹ wo irú àwọn tí òdì ń bá kẹ́gbẹ́ nínú èdè wa. Ẹni tí inú ń bí a máa yan ẹlòmíràn lódì. Ẹni tí kò bẹ̀rù Ọlọ́run a máa sọ̀rọ̀ òdì. Ẹni tí kò fara balẹ̀ a máa wọ ẹ̀wù lódì jáde. Kò sí èyí tí ó dára nínú wọn. Bí ògbufọ̀ bá wá dúró níwájú ìyàwó ilé tí ẹkún wà lójú rẹ̀, tí ó sọ fún un pé ọpọlọ ọkọ rẹ̀ ń darí ara lódì, ohun tí obìnrin náà yóò gbọ́ ni pé orí ọkọ òun ti dàrú, tàbí pé ẹnìkan ti dà á rú. Bẹ́ẹ̀ sì ni gbogbo ọpọlọ tí ó pé ni ó ń ṣe iṣẹ́ rẹ̀ báyìí, ti dókítà, ti ògbufọ̀, ti èmi tí mo ń kọ èyí. Òdìkejì yàtọ̀ pátápátá sí òdì. Òdìkejì odò ni èbúté wà. Òdìkejì títì ni ilé aládùúgbò wa. Ọ̀rọ̀ tútù ni, kò bá ẹnikẹ́ni jà. Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ọ̀rọ̀ rere ní í yọ obì lápò, ọ̀rọ̀ búburú ní í yọ ọfà lápó. Láàrin òdì àti òdìkejì, ègé ọ̀rọ̀ kan péré ni ó yà wọ́n.

Mo ti gbọ́ ìmọ̀ràn mìíràn. Ẹnìkan ní kí a lo "dábùú". Èmi kò fara mọ́ ọn, nítorí ìrísí ọ̀nà ni dábùú ń sọ, kò sọ ẹ̀gbẹ́ tí a gúnlẹ̀ sí. Òmíràn ní kí a kúkú kọ ọ̀rọ̀ náà bí ó ti ń dún lẹ́nu òyìnbó. Kí a tó pè é tán nílé ìwòsàn, aláìsàn yóò ti dìde, yóò ti lọ sílé.

Ṣùgbọ́n ìtumọ̀ nìkan kò tó. Ìlò ni ó le jù. Òdìkejì jẹ́ ọ̀rọ̀ tí kò lè dá dúró. Bí mo bá ní ilé mi wà ní òdìkejì odò, ẹ ó béèrè pé, ìhà wo ni ìwọ dúró sí tí o fi ń sọ bẹ́ẹ̀? Bákan náà ni ti ọpọlọ. Ẹni tí ó bá sọ pé "ara rẹ̀ rọ ní ìhà òdìkejì" tí ó sì dákẹ́, kò tí ì sọ nǹkan kan. Ó gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ sọ ibi tí ọgbẹ́ wà, kí ó tó sọ ibi tí àbájáde rẹ̀ yọ sí. Báyìí ni ó yẹ kí a sọ ọ́: "Ẹ̀jẹ̀ dì sí òsì ọpọlọ bàbá, nítorí náà, ó rọ wọ́n lọ́wọ́ àti lẹ́sẹ̀ ní ìhà òdìkejì, èyíinì ni lọ́tùn-ún." Ẹ má ṣe rò pé ọ̀rọ̀ ìkẹyìn yẹn jẹ́ àsọtúnsọ. Òun ni ó ń dá ìjà dúró.

Ọ̀tún ta ni, òsì ta ni? Èyí náà ń da ènìyàn rú. Àwa Yorùbá kò yẹ kí ó rú lójú rárá, nítorí ààfin ti kọ́ wa. Òkè ọ̀tún ọba ni olóyè Ọ̀tún ń jókòó sí, òkè òsì ọba ni Òsì ń jókòó sí, ṣùgbọ́n ẹni tí ó dọ̀bálẹ̀ níwájú ọba, tí ó gbé ojú sókè, ọwọ́ òsì tirẹ̀ ni yóò ti rí Ọ̀tún. Síbẹ̀ kò sí ẹni tí yóò torí rẹ̀ pe Ọ̀tún ní Òsì. Ẹni tí a ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ ni ó ni ẹ̀gbẹ́. Àwòrán inú orí pàápàá, àwọn oníṣègùn a máa tò ó bí ẹni pé ẹsẹ̀ aláìsàn ni a dúró sí tí a ń wo òkè, tí ó fi jẹ́ pé òsì aláìsàn ni yóò wà lọ́wọ́ ọ̀tún ẹni tí ń wò ó. Ọ̀pọ̀ ẹbí ni yóò wo fọ́tò náà ní ojú fèrèsé, tí wọn yóò sì búra pé ọ̀tún ni àpá funfun tàbí dúdú náà wà.

Ọ̀rọ̀ kékeré kan tún wà tí àwọn tí ń tẹ̀wé fún wa kò kà sí. Bí a kò bá fi àmì sábẹ́ lẹ́tà bí ó ti yẹ, òsì tí í ṣe ẹ̀gbẹ́ àti òṣì tí í ṣe ìṣẹ́ yóò di ọ̀kan náà lórí ìwé. "Apá" pẹ̀lú, ó lè jẹ́ ẹ̀gbẹ́, ó lè jẹ́ ẹ̀yà ara tí ọwọ́ wà lórí rẹ̀. Ìdí nìyí tí mo fi fẹ́ràn "ìhà" jù ú lọ bí a bá ń sọ̀rọ̀ ara, kí ẹnikẹ́ni má baà rò pé apá nìkan ni a ń wí nígbà tí ẹsẹ̀ náà wà níbẹ̀. Àwọn Haúsá tí a ń bá gbé ṣe dáadáa nípa èyí: "shanyewar ɓarin jiki" ni wọ́n ń pe àìsàn náà, ẹ̀gbẹ́ ara sì ti wà nínú orúkọ. Rọpárọsẹ̀ tiwa sọ fún wa pé apá àti ẹsẹ̀ rọ, kò sọ pé ẹ̀gbẹ́ kan ni.

Báwo ni ó ti wá rí tí òsì fi ń darí ọ̀tún? Ọpọlọ pín sí méjì bí gbànja aláwẹ́ méjì tí àwọn bàbá wa ń kó wá tà fún àwọn ará Òkè Ọya láti ọjọ́ pípẹ́. Láti inú awẹ́ kọ̀ọ̀kan ni àwọn fọ́nrán iṣan tí ń jẹ́ iṣẹ́ ọpọlọ ti ń sọ̀kalẹ̀ wá. Ní ìsàlẹ̀ ìpàkọ́, níbi tí ọpọlọ ti fẹ́ di mùdùnmúdùn inú ọ̀pá ẹ̀yìn, àwọn fọ́nrán òsì àti ti ọ̀tún a máa kọjá láàrin ara wọn. Nínú 10, ó tó 8 tàbí 9 tí ń sọdá níbẹ̀. Àwọn díẹ̀ tí ó kù a máa bá ẹ̀gbẹ́ tiwọn lọ sísàlẹ̀, púpọ̀ nínú wọn a sì tún sọdá níwájú. Nítorí náà, awẹ́ ọ̀tún ni ó ń gbé ọwọ́ òsì tí a kì í fi í júwe ilé baba ẹni, awẹ́ òsì sì ni ó ń gbé ọwọ́ ọ̀tún tí a fi ń jẹun.

Ìmọ̀ yìí kì í ṣe ti àná. Àwọn oníṣègùn Gíríìsì ìgbàanì tí wọ́n tẹ̀lé Hippocrates ti ṣàkíyèsí pé ẹni tí ó bá ní ọgbẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ orí kan, ẹ̀gbẹ́ ara kejì ni gìrì máa ń mú. Aretaeus ará Kapadókíà, lẹ́yìn wọn, sọ pé àwọn iṣan náà ń kọjá láàrin ara wọn bí lẹ́tà X. Ṣùgbọ́n ó di ọdún 1709 kí Domenico Mistichelli, oníṣègùn ará Ítálì, tó kọ ọ́ síwèé pé òun rí ìkọjá náà ní ìdí ọpọlọ. Ní ọdún tí ó tẹ̀lé e, 1710, François Pourfour du Petit, dókítà àwọn ọmọ ogun Faransé ní Namur, ṣe àlàyé tí ó ṣe kedere jù bẹ́ẹ̀ lọ lẹ́yìn tí ó ti tọ́jú àwọn jagunjagun tí ọgbẹ́ wà lórí wọn, tí ó sì ti dán an wò lára ajá. Ní ọdún 1870, Gustav Fritsch àti Eduard Hitzig fi iná mànàmáná díẹ̀ kan ẹ̀gbẹ́ kan ọpọlọ ajá ní ìlú Berlin, ẹsẹ̀ ajá náà ní ìhà òdìkejì sì mira. Láti ìgbà náà, iyàn tán. Ìdí tí Ẹlẹ́dàá fi dá a báyìí, àwọn onímọ̀ ṣì ń bá ara wọn jiyàn lé e lórí, èmi kò sì ní dá sí i.

Bí ó bá jẹ́ pé gbogbo nǹkan ni ó ń sọdá, a kò bá má nílò ọ̀rọ̀ àpọ́nlé kankan. A ó kàn máa ka ẹ̀gbẹ́ sí ìdàkejì ni. Ṣùgbọ́n ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Àwọn iṣan tí ń gbé iṣẹ́ wá sókè láti ara lọ sí ọpọlọ, ibi tí oníkálùkù ti ń sọdá yàtọ̀ síra. Èyí tí ń gbé ìrora àti ooru tàbí òtútù, kò pẹ́ tí ó bá wọ inú mùdùnmúdùn ọ̀pá ẹ̀yìn tí ó fi ń sọdá. Èyí tí ń jẹ́ kí a mọ̀ pé ohun kan fọwọ́ kàn wá, tí ó sì ń jẹ́ kí a mọ ibi tí ẹsẹ̀ wa wà nínú òkùnkùn, a máa bá ẹ̀gbẹ́ tirẹ̀ gòkè títí dé ìdí ọpọlọ kí ó tó sọdá. Ẹ wá ro ti ẹni tí àwọn olè fi ọ̀bẹ gún lẹ́yìn, tí ọ̀bẹ náà sì gé ìdajì mùdùnmúdùn yìí ní ọ̀tún. Ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀ kò ní lè gbéra, ṣùgbọ́n bí a bá fi abẹ́rẹ́ gún un, yóò mọ̀ ọ́n lára. Ẹsẹ̀ òsì rẹ̀ yóò máa gbéra dáadáa, ṣùgbọ́n bí iná bá jó o, kò ní mọ̀. Brown-Séquard, oníṣègùn tí a bí ní erékùṣù Mauritius ní ọdún 1817, ni ó la èyí yé ayé ní nǹkan bí ọdún 1850. Lára ẹnì kan ṣoṣo, agbára lọ ní ìhà kan náà, ìrora lọ ní ìhà òdìkejì. Níbi tí ọ̀rọ̀ àpọ́nlé méjèèjì ti pàdé nínú gbólóhùn kan nìyí, ògbufọ̀ tí ó bá sì fò wọ́n dá ti sọ aláìsàn di òpùrọ́ lójú ẹbí rẹ̀, nítorí wọn yóò ní, "Ẹsẹ̀ tí ó rọ ni ó ní ó ń dun òun, èyí tí ó yá gágá ni ó ní òun kò mọ̀ lára."

Ọpọlọ kékeré tí ó wà lẹ́yìn, lápá ìpàkọ́, tí ó ń jẹ́ kí ìrìn wa gún, ìhà kan náà ni ó ń ṣiṣẹ́ fún. Ọ̀nà rẹ̀ ń sọdá lẹ́ẹ̀mejì, bí ẹni tí ó sọdá títì lọ tí ó tún sọdá padà. Òórùn pẹ̀lú, ìhà kan náà ni.

Ojú ni ó yẹ kí a dúró tì díẹ̀. Ẹnu ènìyàn lè ṣàdéédéé wọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan bí ilẹ̀ bá mọ́. Nígbà mìíràn, rọpárọsẹ̀ ni. Nígbà mìíràn ẹ̀wẹ̀, iṣan tí ń darí ojú ni ó wú lẹ́yìn tí ó ti jáde nínú ọpọlọ tán, àìsàn tí wọ́n fi orúkọ Charles Bell pè. Ti Bell yìí, ìhà kan náà ni, ó sì ń mú odindi ẹ̀gbẹ́ ojú: iwájú orí kò ní lè ṣẹ́ po, ojú kò ní lè dé. Ti rọpárọsẹ̀ láti inú awẹ́ ọpọlọ, ìhà òdìkejì ni, ìsàlẹ̀ ojú ni ó sì máa ń mú jù, nítorí pé awẹ́ méjèèjì ni ó jọ ń darí iwájú orí. Bí ọ̀kan bá kùnà, èkejì yóò gbé e. Mo kọ èyí kí ẹ lè lóye ohun tí dókítà ń wò nígbà tí ó bá ní kí aláìsàn gbé ìpéǹpéjú sókè. N kò kọ ọ́ kí ẹnikẹ́ni lè jókòó sílé kí ó máa dá ara rẹ̀ yẹ̀ wò. Ẹnu tí ó bá wọ́ lójijì, ilé ìwòsàn ni ọ̀nà rẹ̀.

Èyí tí ó dun ìdílé jù lọ ni ti ohùn. Ọwọ́ ọ̀tún yóò rọ, ọ̀rọ̀ náà yóò sì tán lẹ́nu. Bàbá tí ó ń pàṣẹ ní ṣọ́ọ̀bù láàárọ̀ yóò máa wo àwọn ọmọ rẹ̀, yóò mọ ohun tí wọ́n ń sọ, ṣùgbọ́n kò ní lè dá wọn lóhùn. Mélòó ni a kì í gbọ́ pé wọ́n ti de irú ẹni bẹ́ẹ̀ lóhùn! Paul Broca, oníṣègùn ní Paris, rí irú aláìsàn bẹ́ẹ̀ ní ọdún 1861. Gbólóhùn kan ṣoṣo ni ọkùnrin náà ń sọ, "tan", ìyẹn sì ni wọ́n fi ń pè é. Lẹ́yìn tí ó kú, Broca yẹ ọpọlọ rẹ̀ wò, ó sì rí ọgbẹ́ ní iwájú awẹ́ òsì. Ìwádìí ti fi hàn láti ìgbà náà pé awẹ́ òsì ni ó ni ọ̀rọ̀ sísọ lára ọ̀pọ̀ jù lọ ènìyàn, títí kan nǹkan bí 7 nínú 10 àwọn tí ń lo ọwọ́ òsì. Nítorí náà ni ọwọ́ ọ̀tún àti ohùn fi jọ máa ń lọ. Aládùúgbò ni wọ́n nínú awẹ́ kan náà, ilé kan ni iná jó. Ẹ kíyè sí i pé ọwọ́ ọ̀tún rọ ní ìhà òdìkejì sí ọgbẹ́, ṣùgbọ́n a kò gbọdọ̀ sọ pé ohùn "lọ ní ìhà òdìkejì", nítorí ohùn kò ní ìhà. Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn ọmọ tí wọ́n ń fi ọ̀rọ̀ ṣe fọ́rífọ́rí.

Ó sì kan àwa ará ìdálẹ̀ ní ọ̀nà tí kò kan àwọn tí ó wà nílé. Púpọ̀ nínú wa ni ó ń sọ Yorùbá nínú ilé, Haúsá lọ́jà, Gẹ̀ẹ́sì ní ọ́fíìsì. Bí rọpárọsẹ̀ bá gba ohùn irú ẹni bẹ́ẹ̀, àwọn èdè náà sábà máa ń padà pa pọ̀ díẹ̀díẹ̀, ṣùgbọ́n nígbà mìíràn ọ̀kan a ṣáájú. Albert Pitres, oníṣègùn Faransé, sọ ní ọdún 1895 pé èyí tí ènìyàn ń lò jù ni ó ń padà wá ṣáájú. Kì í rí bẹ́ẹ̀ nígbà gbogbo, ṣùgbọ́n ó ń rí bẹ́ẹ̀ tó láti kìlọ̀ fún wa. Ìyá tí ó ti ń ta aṣọ láti ogójì ọdún sẹ́yìn ní Sábọ́n Gẹ́rì lè fi Haúsá dáhùn kí Yorùbá tó padà sí i lẹ́nu. Kí àwọn ọmọ má ṣe sunkún pé ìyá àwọn ti gbàgbé orírun. Kí wọ́n sọ ọ́ fún dókítà. Ìròyìn ayọ̀ ni.

A kò ní àwáwí bí a bá fi iṣẹ́ yìí sílẹ̀ láìṣe. Ọmọ wa ni Látúndé Ọdẹ́kù, ọmọ Àwẹ́, ẹni àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà tí ó kọ́ iṣẹ́ abẹ ọpọlọ, tí ó padà wá sí ilé ìwòsàn UCH ní Ìbàdàn ní ọdún 1962 tí ó sì ń kọ ewì lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ. Ọmọ wa ni Káyọ̀dé Ọ̀ṣuntókun, ọmọ Òkèmẹ̀sí, tí òun àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ka àwọn tí rọpárọsẹ̀ mú ní ìlú Ìbàdàn láàrin ọdún 1973 sí 1975 sínú ìwé kan. Ní ti èdè, Ọ̀jọ̀gbọ́n Ayọ̀ Bámgbóṣé ṣe olóòtú ìwé èdè-ìperí Yorùbá ní ọdún 1984, Ọ̀jọ̀gbọ́n Ọládélé Awóbùlúyì sì ṣe olóòtú apá kejì ní ọdún 1990. Èdè, lítíréṣọ̀ àti ọ̀nà ìkọ́ni ni wọ́n gbé iṣẹ́ wọn lé, ọ̀nà tí wọ́n là sì ṣí sílẹ̀ fún àwọn oníṣègùn láti gbà.

Kí ìyẹn tó ṣẹlẹ̀, ohun kan wà tí àwọn ẹgbẹ́ ọmọ Yorùbá ní ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan lè ṣe láì dúró de ẹnikẹ́ni. Kò sí ìlú ńlá kan ní ìhín tí a kò ní nọ́ọ̀sì tàbí dókítà ọmọ Yorùbá kan nínú ẹgbẹ́. Kí a pè é sí ìpàdé oṣù kan, kí a fún un ní wákàtí kan ṣáájú ọ̀rọ̀ owó ìdásílẹ̀, kí ó mú gbànja kan dání, kí ó là á sí awẹ́ méjì níwájú gbogbo wa, kí ó sì fi ìka rẹ̀ fa ilà láti awẹ́ òsì sọdá sí ọwọ́ ọ̀tún. Kí akọ̀wé ẹgbẹ́ kọ gbólóhùn tí mo kọ sókè yìí sílẹ̀, pẹ̀lú àmì sí i lórí àti nísàlẹ̀ bí ó ti yẹ, kí ó sì fún gbogbo ẹni tí a lè pè ní òru láti wá ṣe ògbufọ̀. Kí ẹni náà sì béèrè lọ́wọ́ dókítà kí ó tó la ẹnu rẹ̀ sí ẹbí: "Ọ̀tún aláìsàn ni ẹ ń wí, àbí ọ̀tún tiyín?"